Ọ̀gbun àti Ìlọ́ra: Àwọn Ìbéèrè Tí Ẹ Máa Ń Bi Mí Lóòrèkóòrè

Ìtàn àròsọ ni Ọ̀gbun. Èmi ni mo dá a sílẹ̀, ọwọ́ mi sì ni òfin ìlú náà ti jáde. Ṣùgbọ́n ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì tí mo gbé e lé kì í ṣe àròsọ, mo sì ti gbìyànjú láti ya méjèèjì sọ́tọ̀ kí ẹnikẹ́ni má baà ṣi ọ̀kan mú fún èkejì. Láti orí èyí tó rọrùn jù ni mo ti bẹ̀rẹ̀, títí dé orí èyí tó ti gba oorun lójú mi.

Kí ni Ọ̀gbun? Kí sì ni Ìlọ́ra?

Àfonífojì kan tó jìn ni Ọ̀gbun, òkè ló yí i ká. Bí ènìyàn bá bẹ̀rẹ̀ sí í rìn ní ìdájí, yóò ti rìn ín já kí oúnjẹ ọ̀sán tó jinná. Nínú rẹ̀, àsìkò ń lọ́ra. Kì í ṣe ojú ló ń tan ènìyàn jẹ. Lílù ọkàn, jíjó àtùpà, híhù èékánná, dídípẹtà irin, gbogbo wọn ló ń lọ́ra. Ohun tó ń fa èyí ni àwọn ará ìlú ń pè ní Ìlọ́ra.

Ìlú kan náà ni ará Òkè, ìyẹn àwọn tó ń gbé lókè níta àfonífojì náà, àti ará Ọ̀gbun. Ẹbí ni wọ́n, òfin kan náà ló ń dè wọ́n, wọ́n sì ń fẹ́ ara wọn. Ẹni tó bá rò pé orílẹ̀-èdè méjì ni wọ́n yóò ṣi gbogbo ìtàn náà kà.

Báwo ló ṣe lọ́ra tó?

Méjìlá sí ọ̀kan. Ọdún kan lókè, oṣù kan nísàlẹ̀. Ọjọ́ kan lókè, wákàtí méjì nísàlẹ̀. Wákàtí kan lókè, ìṣẹ́jú márùn-ún nísàlẹ̀. Mo mọ̀ọ́mọ̀ yan 12 kí òǹkàwé lè máa ṣírò rẹ̀ lórí, láìwá bírò kiri.

Ẹni tó bá sọ̀ kalẹ̀ tó sì sùn fún wákàtí mẹ́jọ, ọjọ́ mẹ́rin ti lọ lókè kó tó jí. Ẹni tó bá lo ọdún márùn-ún, ọgọ́ta ọdún ti kọjá lórí àwọn tó fi sílẹ̀.

Ṣé ẹni tó wà nísàlẹ̀ máa ń mọ̀ ọ́n lára?

Rárá. Ìgbésẹ̀ rẹ̀ kò wúwo, ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò fà lẹ́nu rẹ̀. Ohun tó wà níta ló máa sọ fún un. Wákàtí kan ni ilẹ̀ fi ń mọ́, wákàtí kan ló fi ń ṣú. Obìnrin kan nínú ìtàn náà ń ṣẹ́ etí aṣọ: ojúmọmọ ló fi òwú bọ abẹ́rẹ́, ó tan fìtílà, ó pa á, ó tún tan án, kó tó dé ìdí aṣọ náà. Kò sọ̀rọ̀ kan nípa rẹ̀. Bí ọjọ́ ṣe máa ń rí fún un nìyẹn láti ìgbà tí wọ́n ti bí i.

Ǹjẹ́ irú nǹkan báyìí wà ní ayé tiwa?

Ó wà, àmọ́ ó kéré gan-an. Láti ọdún 1915 tí onímọ̀ sáyẹ́ǹsì Albert Einstein ti gbé àbá rẹ̀ nípa òòfà, agbára tó ń fa nǹkan wálẹ̀, kalẹ̀ la ti mọ̀ pé bí ènìyàn bá ṣe sún mọ́ ohun ńlá tó ń fà á, bẹ́ẹ̀ ni aago rẹ̀ ṣe ń lọ́ra tó. Ṣáájú ìgbà náà, ní 1905, ó ti fi hàn pé eré sísá náà a máa mú kí aago lọ́ra.

Ní 1971, Joseph Hafele àti Richard Keating gbé aago átọ́ọ̀mù, irú aago tó péye gan-an, wọ ọkọ̀ òfuurufú, wọ́n sì fò yí ayé po, ìgbà kan sí ìlà-oòrùn, ìgbà kan sí ìwọ̀-oòrùn. Nígbà tí wọ́n dé, àwọn aago náà kò bá àwọn tó dúró nílé mu mọ́. Ìyàtọ̀ náà kéré débi pé ìdá bílíọ̀nù ìṣẹ́jú-àáyá ni wọ́n fi ń kà á, ṣùgbọ́n ibi tí ìṣirò Einstein fi sí náà ló wà. Ní 2010, àwọn onímọ̀ ní Amẹ́ríkà gbé aago kan ga ju èkejì lọ ní sẹ̀ǹtímítà 33 péré, wọ́n sì rí i pé èyí tó wà lókè ń yára jù.

Ẹ má ṣe rò pé inú yàrá ìwádìí nìkan ló mọ. Aago tó wà nínú àwọn sátẹ́láìtì GPS a máa fi nǹkan bí màíkrósẹ́kọ́ǹdì 38 yára ju tiwa lọ lójoojúmọ́, ìyẹn ìdá 38 nínú mílíọ̀nù kan ìṣẹ́jú-àáyá kan. Bí wọn kò bá máa tún un ṣe, láàárín ọjọ́ kan ṣoṣo ni àwòrán ilẹ̀ inú fóònù yóò ti fi nǹkan bíi kìlómítà mẹ́wàá ṣì wá lọ́nà. Àárín gbùngbùn ilẹ̀ ayé pàápàá kéré lọ́jọ́ orí sí ojú ilẹ̀ tí à ń tẹ̀, nǹkan bí ọdún méjì àti ààbọ̀. Ọjọ́ tí mo ka èyí ni ìtàn Ọ̀gbun bẹ̀rẹ̀ lọ́kàn mi: ibi jíjìn, tí ọdún kò tíì pé níbẹ̀.

Ṣé òòfà ilẹ̀ ló wá fa Ìlọ́ra?

Kò lè jẹ́ òun. Bí mo bá ní kí òòfà mú àsìkò lọ́ra ní ìlọ́po 12 láàárín ọ̀nà kìlómítà kan, òòfà ibẹ̀ yóò ju ti ilẹ̀ ayé lọ ní ìlọ́po tó lé ní trílíọ̀nù 20. Kò sí eegun tó lè dúró níbẹ̀, kò sí òkúta tó lè dúró níbẹ̀ pẹ̀lú. Láti rí ìlọ́ra 12 sí 1 lọ́nà tí a mọ̀, ènìyàn ní láti rọ̀ sí bèbè ihò dúdú ojú ọ̀run, ibi tí òòfà ti lágbára débi pé ìmọ́lẹ̀ pàápàá kò lè jáde, kó sún mọ́ ọn débi pé ohun tó kù kó wọlé kò tó ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún ọ̀nà tó ti àárín ihò náà dé etí rẹ̀. Tàbí kó máa sáré ní ìwọ̀n 99.65 nínú ọgọ́rùn-ún eré ìmọ́lẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ fúnra rẹ̀ ń sáré mítà 299,792,458 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan.

Nítorí náà, Ìlọ́ra jẹ́ ohun tí mo dá. Kò ní orírun nínú ìmọ̀ wa, n kò sì fẹ́ purọ́ pé ó ní. Àdéhùn tí mo bá ara mi ṣe ni pé bí mo bá ti gbà pé ó wà, ohun yòówù tó bá tẹ̀ lé e gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé e títí dópin. N kò ní ṣẹ́ ẹ láàárín ọ̀nà nítorí kí ìtàn lè dùn.

Kí ló dé tí oòrùn kò jó àwọn ará Ọ̀gbun pa?

Ìbéèrè yìí gan-an ló fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ìtàn náà lójú orun. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ohun tí olùbéèrè rí. Ìmọ́lẹ̀ tó bọ́ láti Òkè sínú Ọ̀gbun yóò máa dé ní ìlọ́po 12 fún ẹni tó wà nísàlẹ̀, agbára inú ìtànṣán kọ̀ọ̀kan yóò sì tún di ìlọ́po 12. Ẹ sọ méjèèjì di púpọ̀: ìlọ́po 144. Ìmọ́lẹ̀ tí ojú ń rí yóò yí padà di irú ìtànṣán tó ń ba ẹran ara jẹ́.

Kí ẹ tún wá gbé oòrùn tì, ewu náà kò lọ. Gbogbo ohun tó bá ní ìgbóná ló ń tan ìtànṣán, títí kan ògiri, igi àti ara ènìyàn. A kàn kì í rí i ni. Láti ìsàlẹ̀ Ọ̀gbun, ògiri òkè tó lọ́ wọ́ọ́wọ́ọ́ lásán yóò máa ràn bí ohun tó gbóná ju 3,000 sẹ́ńtígírédì lọ. Irin sì ń yọ́ ní 1,538. Ojú ọ̀run lódindi ni yóò di ààrò.

Ìdí nìyí tí kùrukùru fi wà. Ìpele kùrukùru dúdú kan ló bo ẹnu Ọ̀gbun láti bèbè dé bèbè, òun ló ń mu àjùlọ agbára náà, tó sì ń jẹ́ kí ìwọ̀nba ìmọ́lẹ̀ rírẹ̀ kọjá. Ohun kejì tí mo bẹ̀bẹ̀ kí òǹkàwé gbà lọ́wọ́ mi láìbéèrè ẹ̀rí nìyí, lẹ́yìn Ìlọ́ra fúnra rẹ̀. Kò sí ẹ̀kẹta.

Ṣé ẹni tó dúró ní bèbè lè bá ẹni tó wà nísàlẹ̀ sọ̀rọ̀?

Kò ṣeé ṣe lẹ́nu. Ohùn ọkùnrin tó ń gbọ̀n ní nǹkan bí ìgbà 120 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan yóò dé òkè ní ìgbà 10, etí ènìyàn kì í sì í gbọ́ ohun tó bá kéré sí 20. Àyà ni yóò máa gbọ̀n, etí kò ní gbọ́ nǹkan kan. Láti òkè wá sí ìsàlẹ̀, ohùn kan náà yóò di 1,440, bí igbe kòkòrò, ọ̀rọ̀ ìṣẹ́jú kan yóò sì ti parí láàárín ìṣẹ́jú-àáyá márùn-ún.

Ìwé ni wọ́n ń kọ. Pátákó ńlá wà ní ẹsẹ̀ òkè, okùn sì ni wọ́n fi ń fà á gòkè. Ẹni tó bá fi ìṣẹ́jú mẹ́wàá ronú kó tó fèsì nísàlẹ̀ ti mú kí ẹni tó wà lókè dúró fún wákàtí méjì. Èyí ló jẹ́ kí "ó ronú kó tó fèsì" jẹ́ ẹ̀sùn nínú ìlú yẹn, tó sì jẹ́ ìyìn ní ibòmíràn.

Odò àti òjò ńkọ́?

Omi kì í mọ ààlà. Odò tó ń da garawa omi kan sínú Ọ̀gbun ní ìṣẹ́jú-àáyá kan lókè, garawa méjìlá ló ń dà fún ẹni tó wà nísàlẹ̀. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ tí ìlú náà ṣe lápapọ̀ ni pé wọ́n yí odò wọn lójú. Kí wọ́n tó kọ́ ilé, kí wọ́n tó ní olórí, wọ́n ti gbẹ́ kòtò.

Òjò kò ṣeé yí lójú. Òjò ọdún kan lókè ló ń rọ̀ tán láàárín oṣù kan nísàlẹ̀. Òjò wẹ́liwẹ̀li tí ará Òkè ń rìn nínú rẹ̀ láìbo orí, mílímítà márùn-ún ní wákàtí kan, ọgọ́ta ló ń jẹ́ nísàlẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni òrùlé wọn ṣe ga ṣóńṣó, tí ojú àgbàrá fi wà lẹ́yìn ògiri gbogbo, tí ẹnu ọ̀nà kọ̀ọ̀kan sì fi ní àtẹ̀gùn mẹ́ta kí omi má baà wọlé.

Kí ni wọ́n ń fi Ọ̀gbun ṣe? Kí ló dé tí wọn kò kúrò níbẹ̀?

Ìṣúra ni. Ọkà tí kòkòrò yóò bà jẹ́ láàárín oṣù mẹ́fà lókè, ọdún mẹ́fà ni yóò fi dára nísàlẹ̀. Ní erékùṣù Svalbard ní Nọ́wè, wọ́n ṣí ilé ìpamọ́ irúgbìn kan ní 2008, inú òtútù tó wà ní -18 sẹ́ńtígírédì ni wọ́n ń kó irúgbìn sí kó má baà bàjẹ́. Iṣẹ́ tí òtútù ń ṣe níbẹ̀ ni Ìlọ́ra ń ṣe fún àwọn ènìyàn mi, láìní iná mọ̀nàmọ́ná.

Èyí tó ṣe pàtàkì jù ni àwọn aláìsàn. Ẹni tí àìsàn rẹ̀ fún ní oṣù kan péré, bí ó bá sọ̀ kalẹ̀, ó ti ra ọdún kan fún àwọn oníṣègùn tó wà lókè láti wá ojútùú. Ìdajì àwọn ilé Ọ̀gbun jẹ́ ilé àwọn tó ń dúró. Mo kọ apá yìí lọ́dún tí mo ń jókòó ti ẹnì kan ní ilé ìwòsàn, tí gbogbo ohun tí a ń bẹ̀bẹ̀ fún kò ju ìwọ̀nba ọjọ́ díẹ̀ sí i lọ.

Àwọn ẹlẹ́rìí tún wà. Bí àwọn ìdílé méjì lókè bá ń du ààlà ilẹ̀ tí wọ́n fi lélẹ̀ ní 240 ọdún sẹ́yìn, obìnrin kan wà nísàlẹ̀ tó wà níbẹ̀ lójú ara rẹ̀ nígbà tí wọ́n rì òkúta ààlà náà mọ́lẹ̀. Ogún ọdún ló tíì jẹ́ fún un. Ó ṣì rántí ẹni tó gbé ọkọ́.

Kí ni ìtumọ̀ "Oòrùn ta ni?"

Ọ̀rọ̀ tó ń bẹ̀rẹ̀ gbogbo ìwé àdéhùn wọn ni. Kò sí ẹni tó máa ń sọ pé "ọdún mẹ́ta" lásán. Ẹni tó bá gbọ́ ọ yóò béèrè pé oòrùn ta ni.

Owó ló kọ́ wọn. Ẹ gbé e yẹ̀ wò: mo yá ọ ní 100, èlé rẹ̀ jẹ́ 3 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dọọdún, mo sì sọ̀ kalẹ̀ lọ sínú Ọ̀gbun fún ogún ọdún. Ìgbà tí mo bá jáde, 240 ọdún ti kọjá lókè, gbèsè náà sì ti lé ní 120,000. Ìwọ ti kú, ọmọ rẹ ti kú, àtọmọdọ́mọ rẹ ni mo wá dúró sí ẹnu ọ̀nà rẹ̀. Irú nǹkan báyìí fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ ìlú náà.

Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti yí òfin yìí padà kí n tó rí èyí tó tẹ́ mi lọ́rùn: oòrùn ẹni tó yáni lówó ni wọn yóò fi ka èlé, níbikíbi tó bá wà. Sùúrù ni èlé ń san owó fún, nítorí náà ọdún tí ara ẹni náà fi dúró gan-an la ó kà. Bí ó bá sọ̀ kalẹ̀ fún ogún ọdún, èlé ogún ọdún ni tirẹ̀. Bí ajigbèsè ló bá sá wọ Ọ̀gbun, kò rí ibi sá sí: gbèsè 100 tí èlé rẹ̀ jẹ́ 10 nínú ọgọ́rùn-ún yóò ti di nǹkan bí 314 nígbà tí ọdún kan bá fi máa pé lára tirẹ̀.

Ta ni ẹ̀gbọ́n, ta ni àbúrò?

Ìbéèrè yìí ló pọ̀ jù nínú àwọn lẹ́tà tí mo ń gbà, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Èdè wa kò gbà kí a fi í sílẹ̀ láìdáhùn, torí a kò lè kí ènìyàn láìkọ́kọ́ mọ̀ bóyá "o" ni tàbí "ẹ".

Ẹ wo tẹ̀gbọ́n-tàbúrò kan. Ẹ̀gbọ́n ọkùnrin jẹ́ ọmọ ọgbọ̀n ọdún nígbà tó sọ̀ kalẹ̀, àbúrò rẹ̀ obìnrin jẹ́ ọmọ mẹ́rìnlélógún. Ó lo ọdún mẹ́ta. Ó jáde ní ọmọ ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n. Àbúrò rẹ̀ ti pé ọgọ́ta, orí rẹ̀ ti funfun, ó ti sin ọkọ. Ta ni yóò kúnlẹ̀ fún ta?

Olúkúlùkù ará ìlú náà ló ń so okùn mọ́ ìdí láti kékeré. Bí ọdún kan bá ti pé lára rẹ̀, a ó ta kókó kan sí i: kókó funfun fún ọdún tó lò lókè, kókó dúdú fún ọdún tó lò nísàlẹ̀. Òfin sọ pé ọjọ́ tí ẹbí bá tún pàdé ní bèbè, "ẹ" ni àwọn méjèèjì yóò máa pe ara wọn fún ọjọ́ mẹ́ta. Ní ọjọ́ kẹrin, wọn yóò tẹ́ okùn méjèèjì sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ọmọ kékeré kan yóò sì fi ìka kà á sókè. Okùn tó bá gùn jù ló ni ìkíni àti ìjókòó iwájú. Ogún bàbá wọn kò sí nínú èyí. Bí wọ́n ṣe bí wọn tẹ̀ léra ni wọ́n fi ń pín in, kókó kò lè yí i padà.

Àwọn kan bínú sí mi pé mo rẹ ẹ̀gbọ́n sílẹ̀. Mo dúró lórí rẹ̀. Bí ọmọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà, obìnrin yẹn ló sì ni àkísà. Ohun tí n kò fi sínú òfin ni ohun tó ṣe lẹ́yìn tí wọ́n kà á tán: ó jókòó síwájú, ó gba ìkíni, nígbà tó sì ku àwọn méjèèjì nínú iyàrá, ó pe ọkùnrin náà ní "ẹ̀gbọ́n mi".

Àrùn ńkọ́? Ṣé kì í kó wàhálà bá wọn?

Ó ń kó o gan-an. Kòkòrò àrùn tó wà lókè ń yí padà fún ọdún méjìlá nínú gbogbo ọdún kan tí ará Ọ̀gbun ń lò. Ní ayé tiwa, ọdọọdún ni wọ́n ń tún abẹ́rẹ́ àjẹsára àrùn flu wò kó lè bá kòkòrò náà mu. Nísàlẹ̀ Ọ̀gbun, oṣooṣù ni ìbá jẹ́. Ẹni tó bá jáde gbọ́dọ̀ dá gbé ní ilé bèbè fún ìgbà díẹ̀.

Ọ̀rọ̀ náà ní apá kejì, ìtàn gidi kan ló sì kọ́ mi. Ní 1846, àrùn èéyi wọ àwọn Erékùṣù Faroe, níbi tí kò ti wọ̀ láti 1781. Nínú ènìyàn tí kò tó 8,000, nǹkan bí 6,000 ló dùbúlẹ̀. Dókítà ọ̀dọ́ kan láti Denmark, Peter Panum, ṣàkíyèsí pé àwọn arúgbó tó ti ní in ní ọdún márùndínláàádọ́rin sẹ́yìn kò tún ní in mọ́. Ara wọn rántí. Nínú Ọ̀gbun, ọdún márùndínláàádọ́rin kò ju ọdún márùn-ún àti oṣù márùn-ún lọ. Nítorí náà, nígbà tí àrùn tí gbogbo ará Òkè ti gbàgbé tún padà wá, àwọn ọ̀dọ́ láti ìsàlẹ̀ ló gòkè wá tọ́jú wọn, torí ara wọn ṣì mọ̀ ọ́n.

Ṣé èdè wọn kò yàtọ̀ síra?

Ó ń yàtọ̀. Ìran kan nísàlẹ̀ jẹ́ ìran méjìlá lókè, èdè kò sì lè dúró sójú kan fún 300 ọdún. Òwe tuntun, ẹ̀dà ọ̀rọ̀, orúkọ ohun èlò, gbogbo rẹ̀ yóò ti yí. Ará Ọ̀gbun tó bá gòkè ń dún bí ìwé àtijọ́ létí àwọn ọmọdé. Ìdí nìyí tí wọ́n fi ń rán olùkọ́ èdè sọ̀ kalẹ̀ ní ìgbà gbogbo, ẹni tó bá sì lọ mọ̀ pé òun náà yóò di ẹni àtijọ́ kó tó padà.

Ṣé olórí ìlú lè wọ Ọ̀gbun kí ìjọba rẹ̀ lè pẹ́?

Èèwọ̀ ni. Ẹni tó bá gba ipò kò gbọ́dọ̀ kọjá bèbè títí yóò fi kúrò níbẹ̀. Ẹnì kan gbìyànjú rẹ̀ nínú ìwé kejì, wọ́n sì yan ẹlòmíràn kó tó jẹun alẹ́ tán.

Bí ogun bá bẹ́ láàárín Òkè àti Ọ̀gbun, ta ni yóò borí?

Òkè. Ẹni tó ní ọjọ́ mẹ́rin láti gbìmọ̀ nígbà tí o sun oorun alẹ́ kan, ìwọ àti òun kò jọ jà. Ohun tó ń dáàbò bo Ọ̀gbun ni pé aláìsàn gbogbo ilé, irúgbìn gbogbo oko àti ẹlẹ́rìí gbogbo ààlà wà níbẹ̀.

Ìjìyà wo ló burú jù nínú òfin wọn?

Ọdún kan nínú Ọ̀gbun, ní tipátipá. Kò dà bí nǹkan létí títí ẹ ó fi rántí pé ẹni náà fi ọmọ ọwọ́ sílẹ̀, ọmọ ọdún méjìlá ni yóò bá. Wọn kò lù ú, wọn kò fi ebi pa á. N kò fọwọ́ sí ìjìyà yìí, àwọn kan nínú ìtàn náà kò sì fọwọ́ sí i. Ìjà lórí pípa á rẹ́ ló gba gbogbo ìwé kẹta.

Nígbà tí wọ́n bá sọ pé "òní", òní ibo ni?

Àwọn ènìyàn kan ti fi orúkọ ọjọ́ ṣeré ní ayé tiwa. Ní 1582, ọjọ́ kẹrin oṣù Òkítóbà ni Ítálì àti Spéènì sùn, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún ni wọ́n jí sí. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe tirẹ̀ ní 1752, láti ọjọ́ kejì oṣù Sẹ̀tẹ́ńbà bọ́ sí ọjọ́ kẹrìnlá. Samoa kò ní ọjọ́ 30 oṣù Dìsẹ́ńbà ọdún 2011 rárá. Ṣùgbọ́n orúkọ ni gbogbo wọn yí. Kò sí ẹni tí irun rẹ̀ fi ọjọ́ kan gùn jù tàbí kúrú jù.

Nínú ìlú mi, ohun tó wà lábẹ́ orúkọ náà gan-an ló yí. Nítorí náà ọjọ́ méjì ni wọ́n ń kọ sórí ìwé gbogbo, ti Òkè lápá ọ̀tún, ti Ọ̀gbun lápá òsì, èyí tí akọ̀wé wà nínú rẹ̀ ni wọ́n sì ń fà ìlà sí lábẹ́. Ẹni tó bá ń béèrè pé èwo nínú méjèèjì ni òní gidi ń wá ohun tí kò sí. Einstein ti sọ èyí nípa ayé tiwa náà: kò sí aago kan ṣoṣo tó ń lù fún gbogbo ibi.

Ṣé ẹni tó ń hú ohun àtijọ́ lè mọ ọjọ́ orí ohun tó wá láti Ọ̀gbun?

Yóò ṣì í bí kò bá mọ̀ ibi tó ti wá. Ọ̀nà kan tí a fi ń mọ ọjọ́ orí igi àti eegun ni carbon-14, irú èròjà kan tó máa ń wà nínú ohun abẹ̀mí, tó máa ń dín sí ìdajì láàárín nǹkan bí 5,730 ọdún. Ẹ la igi kan sí pákó méjì, ẹ fi ọ̀kan sílẹ̀ lókè, ẹ gbé èkejì lọ sísàlẹ̀. Nígbà tí ìdajì carbon-14 pákó òkè bá ti lọ, nǹkan bí 94 nínú ọgọ́rùn-ún ṣì wà nínú ti ìsàlẹ̀. Igi kan náà, ọjọ́ kan náà ni wọ́n gé e, ẹ̀rí méjèèjì sì jẹ́ òtítọ́.

Ṣé ọ̀nà kan wà láti padà sẹ́yìn?

Kò sí. Ìlọ́ra ń lọ́ra ni, kì í yí padà. Ẹni tó bá sọ̀ kalẹ̀ ti lọ sí ọjọ́ iwájú àwọn tó fi sílẹ̀, kò sì sí ibì kan ní gbogbo ayé náà tí àsìkò ti ń lọ́ra tàbí yára débi tó lè dá a padà. Àwọn òǹkàwé ń bẹ̀ mí pé kí n ṣí ilẹ̀kùn kan. N kò ní ṣí i.

Òpó igi tó wà ní bèbè, kí ni wọ́n ń fi ṣe?

Ìyá tó bá fẹ́ lọ gba ìtọ́jú nísàlẹ̀ a máa fi ẹ̀yìn ọmọ rẹ̀ ti òpó náà, a sì fi ọ̀bẹ fa ìlà sí ibi tí orí ọmọ náà dé. Lẹ́yìn náà ni yóò sọ̀ kalẹ̀. Ní gbogbo ọdún, baba tàbí ìyá-ìyá ọmọ náà á mú un padà wá síbẹ̀, wọn á fa òmíràn.

Ìtọ́jú oṣù mẹ́ta jẹ́ ìlà mẹ́ta. Nígbà tí ìyá náà bá jáde, kì í kọ́kọ́ lọ bá ọmọ tó dúró sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà tó ń wò ó bí àlejò. Ẹ̀bá òpó ló ń lọ. Yóò fi àtàńpàkò rẹ̀ wá ìlà tí òun fúnra rẹ̀ fà, èyí tó wà nísàlẹ̀ jù, yóò sì máa gun àwọn yòókù lọ sókè lọ́kọ̀ọ̀kan, kó tó yíjú padà.